Ọjọ́ Tí N Kò Yípo Lẹ́nu Ọ̀nà

Ilé Malam Kyari,
Ẹ̀yìn Àpáta, Birni,
Damagaram.
Ọjọ́ Àìkú, nínú ọyẹ́.

Nomau, ọmọ mi,

Àlàáfíà Ọlọ́run kó wà pẹ̀lú rẹ, pẹ̀lú ìyàwó rẹ, àti pẹ̀lú ọmọbìnrin tí mo gbọ́ pé Ọlọ́run fi ta yín lọ́rẹ. Mo ní ìrètí pé ọyẹ́ Agadez kò tíì là yín létè, àti pé ẹ̀rọ ìránṣọ rẹ ń ṣiṣẹ́ dáadáa. Ní tèmi, ara ń ṣe bí ara àgbà, orúnkún ń dùn mí, ṣùgbọ́n n kò lẹ́nu láti ráhùn. Ọdún mọ́kànlá nìyí tí n kò kọ ìlà kan ṣoṣo sí ọ. Mo mọ̀ pé bí o bá rí ìkọ̀wé mi, ó lè ṣe ọ́ bíi kí o fa lẹ́tà yìí ya. Mo bẹ̀ ọ́, bí o bá máa fà á ya, kà á tán ná.

Ìròyìn àkọ́kọ́ ló wúwo jù, n kò sì mọ bí mo ṣe lè sọ ọ́ tí kò fi ní dùn ọ́. Bí o bá wà lórí ìdúró, wá ibi jókòó sí. Wọ́n ní a kì í fi ìwé túfọ̀, èmi náà mọ̀ bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n ta ni mo fẹ́ rán? Ìyá rẹ ti lọ, Nomau. Delu kò sí mọ́. Ikọ́ ló bẹ̀rẹ̀ bí eré nígbà tí ọyẹ́ wọlé, ó ní eruku lásán ni, ó sì ń gún jéró rẹ̀ lọ. Nígbà tó di ọ̀sẹ̀ kẹta, kò lè dìde mọ́. Àárọ̀ Ọjọ́bọ̀ kan ní oṣù tó kọjá ló kú, lẹ́yìn ìrun àsùbáà. Aṣọ funfun tí o fi rán awakọ̀ sí i lọ́dún tó kọjá, tí kò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni rán, tí ó ní òun ń tọ́jú rẹ̀ de ọjọ́ tí ìwọ fúnra rẹ yóò wá rán an fún òun, òun ni a fi sin ín.

Ó rán mi níṣẹ́ sí ọ kí ó tó lọ. Iṣẹ́ yẹn ni mo ń jẹ́ nínú ìwé yìí. Ṣùgbọ́n mo ní láti gba ọ̀nà jíjìn kí n tó dé ibẹ̀, nítorí tí mo bá gé e kúrú, yóò dà bíi pé mo tún ń sá.

O rántí ọjọ́ tí mo kọ́kọ́ mú ọ wọ yàrá òkùnkùn. Ọmọ ọdún méje ni ọ́. Mo ti ilẹ̀kùn, òkùnkùn bò wá, ihò tí kò ju hóró ọkà bàbà lọ nìkan ló kù lára ògiri àríwá, o bú sẹ́kún. Nígbà tí ojú rẹ mọ́ òkùnkùn lára, o rí i pé ìmọ́lẹ̀ ti gba ihò náà wọlé, ó sì ti gbé gbogbo ìta wá sára ògiri gúúsù: kànga méjèèjì, ewúrẹ́ Illa oníṣẹ́ awọ, àwọn obìnrin tó ru omi, gbogbo wọn dorí kodò. Ẹkún dá, o bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín. O ní, “Bàbá, ewúrẹ́ ń rìn lójú sánmà!” Inú mi dùn lọ́jọ́ yẹn débi pé mo fún ọ ní fùrá tèmi mu. Mo ní ọwọ́ tí yóò gba Ẹ̀kọ́ Ìmọ́lẹ̀ lọ́wọ́ mi ti dé, bí èmi náà ṣe gbà á lọ́wọ́ bàbá mi.

Ọjọ́ yẹn náà ni mo kọ́ ọ ní òfin mẹ́ta tí a fi ń bẹ̀rẹ̀. Ojú kì í rí nǹkan, ìmọ́lẹ̀ ló ń gbé nǹkan wá fún ojú. Ohun tí ìmọ́lẹ̀ kò bá gbé wá, a kì í jẹ́rìí rẹ̀. Ẹ̀kẹta ni ti ẹnu ọ̀nà. O mọ̀ pé lára ògiri wa, orí máa ń di ìsàlẹ̀, ohun tó wà ní ìlà-oòrùn ìta á sì bọ́ sí apá ìwọ̀-oòrùn. Ti orí àti ẹsẹ̀ kò le, ojú á kọ́ ọ fúnra rẹ̀. Lẹ́yìn ogún ọdún tí mo ti ń jókòó níbẹ̀, n kò rí ìdorí kodò mọ́ rárá, àwọn ènìyàn ń rìn dáadáa lójú mi. Ṣùgbọ́n ìlà-oòrùn àti ìwọ̀-oòrùn kì í yí ara wọn padà fún ẹnikẹ́ni. Ìdí nìyẹn tí ẹni tó bá ń jáde fi gbọ́dọ̀ dúró lẹ́nu ọ̀nà, kí ó yípo lẹ́ẹ̀kan, kí ó mọ ibi tí oòrùn ti ń yọ, kí ó tó la ẹnu sọ ohun tó rí. Nítorí yíyípo yìí ni gbogbo àdúgbò ṣe gbà wá gbọ́. Ẹni tó bá yípo, ọ̀rọ̀ rẹ̀ nìkan tó ẹlẹ́rìí méjì.

Ọjọ́ Ajé tó fa ọ̀rọ̀ wa yìí, o mọ̀ ọ́n. Oòrùn ti gòkè, èmi nìkan ni mo wà nínú yàrá. Mo rí ọ lára ògiri, ní apá ìwọ̀-oòrùn. O fa omi, o dà á sínú ìkòkò, o gbé e, o lọ. N kò rí i kí o bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ láti fi ìdérí bo kànga. O máa ń fi ẹsẹ̀ ti ìdérí kànga ni, ìyá rẹ sì ti bá ọ jà lórí rẹ̀ títí ẹnu fi rẹ̀ ẹ́, ṣùgbọ́n irú nǹkan kékeré bẹ́ẹ̀ kì í hàn lára ògiri. Lẹ́yìn náà àwọsánmà bo oòrùn, ògiri sì ṣókùnkùn. Inú òkùnkùn yẹn ni mo wà tí mo fi gbọ́ igbe ìyàwó Illa.

Mo sáré jáde bí ẹni tí ilé ń jó mọ́ lórí. Mo kọjá lẹ́nu ọ̀nà. N kò yípo. Balki, ọmọ ọdún mẹ́rin, ọmọ kan ṣoṣo tí Illa bí, ti ṣubú sínú kànga ìwọ̀-oòrùn, èyí tí omi rẹ̀ níyọ̀, tí a fi ń ṣàlùwàlá àti tí Illa fi ń rẹ awọ. Bí mo bá ti fara balẹ̀ díẹ̀ kí àwọsánmà kọjá, ǹ bá ti rí èrò tó yí kànga náà ká lára ògiri, ní apá ìlà-oòrùn, ǹ bá sì ti mọ̀ pé ibẹ̀ kọ́ ni mo ti rí ọ.

Illa gbé ọmọ náà mọ́ra, omi ń ro tótó lára àwọn méjèèjì. Ó ń bi gbogbo ènìyàn pé, “Ta ló ṣí kànga yìí sílẹ̀? Ẹ ṣáà sọ fún mi, ta ló ṣí i?” Èmi ni mo dáhùn. Mo ní, “Ọmọ mi ni. Mo rí i.” Olórí àdúgbò bi mí pé, “Malam, ṣé ó dá yín lójú?” Mo ní ìmọ́lẹ̀ kì í purọ́. Ìgberaga wà nínú ọ̀rọ̀ náà, Nomau, mo jẹ́wọ́ rẹ̀ fún ọ. Bí mo ti ń wo òkú ọmọdé, apá kan nínú mi ń sọ pé gbogbo ayé yóò mọ̀ lónìí pé oníṣẹ́ ìmọ́lẹ̀ kì í gbè sẹ́yìn ọmọ ara rẹ̀.

O dé pẹ̀lú ìkòkò lórí rẹ. O ní, “Bàbá, kànga ìlà-oòrùn ni mo ti fa omi. Omi mímu ni Ìyá rán mi. Ẹ tọ́ ọ wò, kò níyọ̀!” O sọ ìkòkò náà kalẹ̀ níwájú mi, o bu omi sí ọwọ́ rẹ, o nà án sí mi. Mo ní ahọ́n kì í ṣe ẹlẹ́rìí lọ́dọ̀ tiwa. Ìyá rẹ ló tẹ̀ síwájú, ó bu ú, ó mu ún, ó ní, “Omi dídùn ni. Ẹ̀yin èèyàn, ẹ wá tọ́ ọ wò.” Ẹnìkan ní àárín èrò ní, “Ìyá kì í pe omi ọmọ rẹ̀ ní oníyọ̀.” Kò sí ẹlòmíràn tó tọ́ ọ wò.

Ohun tó tẹ̀lé e, ojú rẹ ló ṣe, n kò ní tún un kà fún ọ. Àwọn òbí Tabawa, àfẹ́sọ́nà rẹ, dá obì ìdána wa padà. Àwọn tí ẹ jọ dàgbà ń kọ ẹ̀yìn sí ọ nígbà tí o bá kí wọn. Ní ọjọ́ kẹsàn-án o di ẹrù rẹ. Ìyá rẹ sìn ọ́ dé ibùdókọ̀, èmi wọ yàrá òkùnkùn lọ, mo ti ilẹ̀kùn. Ohun tí o kò mọ̀ ni pé mo ń wò ọ́ lára ògiri bí o ṣe ń lọ. Fún ìgbà àkọ́kọ́ láti ogún ọdún, ojú mi kọ̀ láti yí i. Orí rẹ wà nísàlẹ̀, ẹsẹ̀ rẹ wà lókè, àpò rẹ wà léjìká, o sì ń kéré sí i, títí ògiri fi ṣófo.

Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà ni ìyá rẹ bi mí ní ìbéèrè tó ń bi mí títí ó fi kú. Ó gbé túwó síwájú mi, ó dúró, ó ní, “Malam, lọ́jọ́ yẹn, ṣé ẹ yípo?” Mo ní, “Obìnrin yìí, iṣẹ́ tí mo ti ń ṣe kí wọ́n tó bí ọ lo fẹ́ kọ́ mi?” Ó ní, “Ìbéèrè kékeré ni mo bi yín. Ẹ yípo àbí ẹ ò yípo?” Mo ní mo yípo. Irọ́ ni mo pa. Ní àkókò náà n kò tilẹ̀ mọ̀ pé irọ́ ni, nítorí ẹni tó ti ń yípo lójoojúmọ́ láti ìgbà èwe, bí ó bá wo ẹ̀yìn, ìyípo ni yóò rí níbi gbogbo. Lọ́dọọdún, bí àyájọ́ ikú Balki bá pé, ó máa ń gbé oúnjẹ kalẹ̀, á sì bi mí. Mo máa ń dá a lóhùn bákan náà.

Ní ọdún kẹta, àdúgbò pinnu pé kí a fi òkúta dí kànga ìwọ̀-oòrùn pa. Mo jókòó nínú yàrá, mo ń wo àwọn ọkùnrin tó ń da òkúta sí i. Apá ìlà-oòrùn ògiri ni wọ́n wà. Mo yí ojú sí ibi tí mo ti rí ọ lọ́jọ́ yẹn: òdìkejì ni. Ẹ̀rù bà mí débi pé mo fọwọ́ kan ògiri náà bí afọ́jú. Mo jáde, mo dúró lẹ́nu ọ̀nà, mo yípo. Bí mo ti yípo tán ni mo mọ̀ pé kànga ìlà-oòrùn ni o wà, àti pé omi inú ìkòkò rẹ dùn.

Ọmọ mi, ibẹ̀ kọ́ ló parí sí. Bí kì í bá ṣe ìwọ, ta wá ni? Mo bẹ̀rẹ̀ sí í ro ọjọ́ náà láti òwúrọ̀ rẹ̀, kò sì pẹ́ tí mo fi rántí. Ilẹ̀ kò tíì mọ́. Mo jáde lọ fa omi àlùwàlá ní kànga oníyọ̀, okùn tútù wà léjìká mi, mò ń ro ohun tí mo fẹ́ kọ́ àwọn ọmọ lọ́jọ́ náà. Mo gbé ìdérí sí ẹ̀gbẹ́ kan. N kò rántí pé mo gbé e padà. Mo ti wá a nínú ọkàn mi lọ́nà gbogbo, n kò rí ibi tí mo ti gbé e padà. Illa kò lọ rẹ awọ lọ́jọ́ náà, nítorí náà kò sí ẹni tó dé ibẹ̀ lẹ́yìn mi àyàfi ọmọ rẹ̀. Èmi ni mo ṣí kànga tó pa Balki, èmi náà ni mo sì fi ọ́ lé àwọn ènìyàn lọ́wọ́.

O ó bi mí pé kí ló dé tí n kò sọ ọ́ nígbà náà. Mo fi òfin wa bojú. Òkùnkùn ni mo ti ṣí i, ìmọ́lẹ̀ kò gbé e wá, ohun tí ìmọ́lẹ̀ kò bá sì gbé wá, a kì í jẹ́rìí rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni mo ṣe ń sọ fún ara mi. Mo tún ń sọ pé bí mo bá jẹ́wọ́, ẹ̀kọ́ tí bàbá mi fi lé mi lọ́wọ́ yóò bàjẹ́, ta ni yóò tún gbà wá gbọ́? Ọdún mẹ́jọ ni mo fi jẹ ẹ̀kọ́ náà bí oúnjẹ, mo sì ń kọ́ ọmọ ọlọ́mọ pé kí wọ́n máa yípo. Ojú ń tì mí, ojú ń tì mí gan-an.

Ní ọjọ́ tó ṣáájú ikú ìyá rẹ, mo ń fún un ní fùrá díẹ̀díẹ̀. Ó fi ọwọ́ ti igbá náà. Ó ní, “Malam, ẹ yípo?” Ohùn rẹ̀ ti kéré. Mo ní, “Delu, n kò yípo. N kò yípo, èmi ni mo sì ṣí kànga náà.” Mo rò pé yóò ké. Ó mí kanlẹ̀, ó ní, “Mo mọ̀ pé ẹ ò yípo. Iwájú mi lẹ ti sáré kọjá. Tí mo bá sọ ọ́, wọn á ní ìyá ń gbèjà ọmọ, bí wọ́n ṣe sọ ọ́ nítorí omi. Ẹnu yín ni mo ń dúró dè.” Ti kànga, kò mọ̀ ọ́n tẹ́lẹ̀. Ó wo òkè àjà, omijé ń ṣàn sí etí rẹ̀. Lẹ́yìn náà ó ní, “Ẹ sọ fún Illa. Ẹ sọ fún ọmọ mi. Ẹ sọ fún un pé omi rẹ̀ dùn.” Iṣẹ́ tó rán mi nìyẹn.

Ní ọjọ́ Jímọ̀ tó tẹ̀lé ìsìnkú, lẹ́yìn ìrun, mo ní kí olórí àdúgbò dá àwọn ènìyàn dúró. Mo dojú kọ Illa, mo sọ gbogbo rẹ̀ bí mo ṣe kọ ọ́ sí ọ yìí. Illa ti darúgbó, Nomau, awọ ti jẹ ìka rẹ̀. Ó wò mí, ó ní, “Malam, ọdún mọ́kànlá ni mo fi ń ṣépè fún ọmọ yẹn lẹ́yìn gbogbo ìrun. Báwo ni mo ṣe máa kó o padà?” Mo ní kí ó ṣẹ́ èpè náà lé èmi lórí. Ó ní, “Rárá o. Ó ti rẹ̀ mí.” Ó mú bàtà rẹ̀, ó lọ sílé.

Àwọn ọmọ ẹ̀kọ́ ti lọ lọ́kọ̀ọ̀kan, n kò dá wọn dúró. Ní ọjà, ẹlẹ́ran kan pariwo sí mi pé, “Malam, itan ìlà-oòrùn lẹ fẹ́ ni àbí ti ìwọ̀-oòrùn? Ẹ yípo kẹ́ ẹ tó dáhùn o!” Gbogbo wọn rẹ́rìn-ín. Mo sì yípo lóòótọ́, níbẹ̀, lójú wọn, pẹ̀lú orúnkún mi yìí. Ọkùnrin náà gé ẹran fún mi, kò sì lè wò mí lójú. Nígbà tí mo délé, mo po amọ̀, mo fi dí ihò náà. Yàrá náà ti di yàrá lásán báyìí, àgbàdo la kó sí i.

Bàtà tó wà nínú ẹrù tí mo fi ránṣẹ́ pẹ̀lú ìwé yìí, Illa ló ṣe é. Ó gbé e wá fúnra rẹ̀ ní àná, ó dúró ní ìta, ó kọ̀, kò wọlé. Ó ní, “Ẹ fi ránṣẹ́ sí i. Mi ò mọ bí ẹsẹ̀ rẹ̀ ṣe rí báyìí. Ẹsẹ̀ ọmọ ọdún mọ́kàndínlógún ni mo rántí.” Bí kò bá bá ọ mu, má sọ ọ́ nù.

N kò sọ pé kí o dárí jì mí. Mo ti kọ ọ́ lẹ́ẹ̀mejì, mo sì pa á rẹ́, nítorí ẹni tó jẹ gbèsè irú èyí kò yẹ kó máa fún olówó rẹ̀ níṣẹ́ ṣe. Mo kàn fẹ́ kí o mọ̀ pé orúkọ rẹ ti mọ́ ní Birni. Wọ́n ń dárúkọ rẹ ní gbangba. Bí o bá fẹ́ wá kí sàréè ìyá rẹ, ó wà lábẹ́ àpáta ńlá, lẹ́gbẹ̀ẹ́ Balki. Kò pọn dandan kí o dé ọ̀dọ̀ mi. Ṣùgbọ́n bí o bá dé ọ̀dọ̀ mi, má ṣe dúró lẹ́nu ọ̀nà rárá. Wọlé tààrà.

Kí Ọlọ́run fún ọ ní ẹ̀mí gígùn ju tèmi lọ. Kí ọmọbìnrin rẹ gba ọ̀rọ̀ rẹ gbọ́, kí ìwọ náà gba tirẹ̀ gbọ́. Kí iṣẹ́ ọwọ́ rẹ má gbẹ. Kí àwọn tó kọ ẹ̀yìn sí ọ fi ojú rere pàdé rẹ, kí Ọlọ́run sì tẹ́ ìyá rẹ sí ibi tó dára ní ọ̀run, níbi tí wọn kì í ti í bi ènìyàn ní ìbéèrè lẹ́ẹ̀mejì.

Èmi ni bàbá rẹ, tó jẹ́rìí lé ọ lórí, tó sì ti wá jẹ́rìí ara rẹ̀,

Kyari.

Mo gbàgbé ohun kan: Ìkòkò ọjọ́ yẹn ṣì wà. Ìyá rẹ dojú rẹ̀ délẹ̀ sí ẹ̀yìn ilé, kò sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni lò ó láti ọdún mọ́kànlá. Láàárọ̀ yìí mo fọ̀ ọ́, mo fa omi ní kànga ìlà-oòrùn, mo gbé e dé ibi tí o dúró sí lọ́jọ́ náà, mo sọ ọ́ kalẹ̀, mo sì bu díẹ̀ mu. Kò níyọ̀, Nomau. Kò níyọ̀ rárá.